Tèmi Nìkan Ni Mo Fi fún Ọlọ́run

Màmá mi, ẹ kú ilé o. Ẹ kú ìjókòó, ẹ kú àdúà lórí wa. Mo kúnlẹ̀ kí yín láti Ẹdẹ níbí, orúnkún mi méjèèjì ló sì kan ilẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọ̀kan nínú wọn kì í fẹ́ tẹ̀ mọ́. Mo kí ẹ̀gbọ́n mi, baálé ilé, mo ní wọ́n kú ìtọ́jú gbogbo agboolé. Mo kí àwọn ìyàwó ilé, àgbà àti kékeré. Mo kí àwọn ọmọ-osú tó jókòó ti Màmá. Mo kí àwọn ọmọdé tí mi ò tíì fojú rí. Ara mi le. Ara àwọn ọmọ Mùtíù náà le.

Èmi fúnra mi ni mo fọwọ́ kọ lẹ́tà yìí. Ẹ mọ̀ pé ìwé tí mo kà kò ju ti ilé ẹ̀kọ́ àgbà tí wọ́n ń ṣe fún wa nírọ̀lẹ́ nígbà kan lọ, a sì máa ń sùn níbẹ̀ ju bí a ṣe ń kọ̀wé lọ. Wọ́n ní kí n jẹ́ kí akọ̀wé bá mi kọ ọ́. Mo ní rárá, akọ̀wé á fi iyọ̀ tirẹ̀ sí i. Mo sì ní kí wọ́n tẹ̀ ẹ́ sínú ìwé ìròyìn Yorùbá, nítorí gbangba ni wọ́n ti sọ tèmi. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n bá sọ ní gbangba, wọn kì í fèsì rẹ̀ ní ìyẹ̀wù.

Àpò tí mo fi rán awakọ̀ Ìgbòho sí yín ló bí ọ̀rọ̀. Ẹja gbígbẹ wà níbẹ̀, ìró kan wà níbẹ̀, àti ìpara tí ẹ máa fi ra orúnkún. Awakọ̀ dá a padà bí mo ṣe dì í, okùn rẹ̀ kò tú. Iwájú ìsọ̀ mi ló gbé e kalẹ̀ sí, àwọn oníbàárà wà ní ìdúró. Ó ní Màmá ní kí òun sọ fún mi pé àwọn kì í jẹ owó ẹ̀jẹ̀. Ó ní ohun tí wọ́n ń sọ nílé ni pé Àṣàbí lọ gbowó lórí òkú ọmọ rẹ̀ ní kóòtù, pé ó ti ta Mùtíù. Kò kúkú sọ ọ́ jẹ́jẹ́. Obìnrin tó fẹ́ ra irú lọ́wọ́ mi dá owó rẹ̀ padà sínú pọ́ọ̀sì, ó ní òun ń bọ̀. Títí di òní, kò tíì dé.

Mi ò sunkún. Mo gbé àpò wọlé, mo jáde, mo ta èyí tó kù. Ìgbà tí mo wá jókòó ni mo rò ó pé ẹ ò tíì gbọ́ bí wọ́n ṣe ń ṣe é ní kóòtù, nítorí ẹni tó bá gbọ́ ọ kò ní sọ bẹ́ẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n rò ó fún yín létòlétò. Bí mo bá rò ó tán, kẹ́ ẹ wá dá mi lẹ́jọ́.

Ẹ máa kọ́kọ́ fẹ́ mọ bí mo ṣe wà. Òjò Ẹdẹ kò dà bíi tiwa. Ní Ìgbòho, òjò á rọ̀, á lọ, ilẹ̀ á sì gbẹ. Níhìn-ín, ó máa ń jókòó tini bí àlejò tí kò mọ ìgbà tó yẹ kóun dìde. Bí mo bá sá irú síta, òòrùn á ṣe bí ẹni pé ó fẹ́ ràn, kí n tó yí ẹ̀yìn padà, òjò ti dé. Èso irúgbá tó ń ti Òkè-Ògùn wá ni mo ṣì ń sè, mo ṣì ń gún un, mo ṣì ń fọ̀ ọ́ fúnra mi. Onílé mi ní òórùn rẹ̀ ń lé àlejò. Mo ní kí àlejò máa gba ẹ̀yìnkùlé wọlé. Irú yìí ló ń bọ́ mi látìgbà tí bàbá Mùtíù ti kú. Kò sẹ́ni tó ń bọ́ mi.

Ohun tó kù díẹ̀ káàtó ni pé kò sẹ́ni tó ń pè mí ní orúkọ mi níhìn-ín. Ìyá Onírú ni ti ọ̀pọ̀ wọn. Àwọn tó fẹ́ bọ̀wọ̀ fún mi ní Ìyá Òkè-Ògùn. Mo lè lo oṣù kan láìgbọ́ ohùn ará Ìgbòho kankan. Ìdí nìyẹn tí mo fi máa ń dá awakọ̀ yín dúró sọ̀rọ̀ títí á fi ní ọkọ̀ òun ti kún. Ẹ jẹ́ ká fi ìyẹn sílẹ̀.

Ẹ mọ̀ pé bíríkìlà ni Mùtíù ọmọ mi. Láàárọ̀ ọjọ́ náà, ó gun ọ̀kadà rẹ̀ lọ síbi iṣẹ́ lọ́nà Sẹ́kọ̀nà. Típà kan tó kó yanrìn ń bọ̀, bíréèkì rẹ̀ ò mú. Awakọ̀ rẹ̀ fẹ́ yà fún ọkọ̀ mìíràn ní oríta, ó sì lọ gba ojú ọ̀nà tí kì í ṣe tirẹ̀. Wọ́n ní Mùtíù kò jẹ̀rora. Mi ò mọ ẹni tó bi í. Àwọn àgbà àdúgbò àtàwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ló sin ín lọ́jọ́ náà. Wọn ò fi ibẹ̀ hàn mí, èmi náà ò bèèrè. Ẹ̀yin lẹ kọ́ mi pé òbí kì í mọ sàréè ọmọ.

Lẹ́yìn àdúà ọjọ́ kẹjọ, àwọn èèyàn olówó típà wá bẹ̀ wá. Wọ́n kó àgbààgbà sẹ́yìn, lẹ́mọ́ọ̀mù kan ló ṣíwájú wọn. Alhaji tó ni ọkọ̀ dọ̀bálẹ̀ gbalaja lórí ẹní ọ̀fọ̀. Arúgbó ni, ó sanra, ó pẹ́ kó tó lè dìde. Awakọ̀ jókòó sí ẹnu ọ̀nà, ó ń sunkún bí ọmọdé. Wọ́n gbé àpò ìrẹsì kalẹ̀, wọ́n sì gbé owó tí wọ́n fi ìwé dì lé e lórí. Mo wò wọ́n. Mo ní kí wọ́n dìde. Mo ní mi ò bá ẹnikẹ́ni jà, mi ò ní ṣépè fún ẹnikẹ́ni, mi ò ní bá ẹnikẹ́ni ṣẹjọ́, mo ti fi fún Ọlọ́run. Mo ní kí wọ́n gbé ìrẹsì wọn, kí wọ́n mú owó wọn, kí wọ́n máa lọ. Ọ̀kan nínú àwọn àgbà náà ní Ìyá, ẹ gbà á, bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyẹn. Mo ní níbo? Mo ní níbi tí wọ́n ti bí mi, a kì í fi ìrẹsì dí ọlọ́fọ̀ lẹ́nu. Wọ́n di ẹrù wọn. Inú mi ni ọ̀rọ̀ tí mo sọ lọ́jọ́ náà ti wá, mi ò fi ṣe ẹnu lásán.

Sìfáwù, ìyàwó Mùtíù, wà ní yàrá, ó gbọ́ gbogbo rẹ̀. Ìgbà tó jáde opó ló wá bá mi. Ó ní ẹgbẹ́ bíríkìlà ti bá òun wá lọ́yà, òun fẹ́ pe olówó típà lẹ́jọ́ nítorí àwọn ọmọ. Mo ní ṣé kò gbọ́ pé mo ti fi fún Ọlọ́run ni? Ó kúnlẹ̀. Ó ní òun gbọ́, Ìyá, òun náà ò sì bá ẹnikẹ́ni jà. Ṣùgbọ́n àwọn ọmọ yìí jẹun lánàá, wọ́n tún jẹun lónìí, wọ́n ti ń bi òun léèrè tọ̀la. Mo ní ó mọ ohun tó ń ṣe. Mi ò tì í lẹ́yìn, mi ò sì dí i lọ́nà. Ọ̀rọ̀ kóòtù ni ara mi ò gbà.

Mo rò pé mo ti bọ́ nínú ẹ̀ nìyẹn. Àfi bí ìwé ìpè ṣe dé ọwọ́ mi, kì í sì í ṣe ọ̀dọ̀ Sìfáwù ló ti wá. Lọ́yà olówó típà ló ní kí n wá jẹ́rìí fún àwọn! Wọ́n ti sọ fún adájọ́ pé ẹjọ́ yìí ti tán kí wọ́n tó pè é, pé àwọn ti bẹ ẹbí, pé ìyá olóògbé tó jẹ́ àgbà ilé ti dárí ji àwọn lójú àwọn àgbààgbà, ó sì ti ní òun ò ní ṣẹjọ́. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, àwọn ò jẹ ẹnikẹ́ni ní kọ́bọ̀.

Màmá, ẹ rí ibi tí mo bá ara mi. Ọ̀rọ̀ ẹnu mi ni wọ́n fẹ́ fi gba oúnjẹ lẹ́nu àwọn ọmọ Mùtíù. Bí mo bá ní mi ò sọ ọ́, irọ́ ni, mo sì ti máa búra. Bí mo bá ní mo sọ ọ́, àwọn ọmọ ọmọ mi ni yóò forí fá a. Gbogbo ọjà ló wá di agbani-nímọ̀ràn. Aláta tó kángun sí mi ní kí n ṣàìsàn lọ́jọ́ náà. Ẹlẹ́lùbọ́ ní kí n sọ pé ogbó ti dé, mo ti gbàgbé. Èmi Àṣàbí? Kí n dúró láàárín èèyàn, kí n ní mo ti gbàgbé ohun tí mo sọ lórí ẹní ọ̀fọ̀ ọmọ mi? Mo ní kí wọ́n máa ta ata wọn.

Bí wọ́n ṣe ṣírò owó náà ni mo fẹ́ kẹ́ ẹ fetí sí. Wọn ò jẹ́ kí ẹlẹ́rìí jókòó gbọ́ ẹjọ́ kó tó kàn án, nítorí náà, díẹ̀ nínú ẹ̀ ni mo gbọ́ lẹ́nu àwọn bíríkìlà tó ti lọ jẹ́rìí. Èyí tó pọ̀ jù ni adájọ́ fẹnu ara rẹ̀ kà lọ́jọ́ ìdájọ́, tí ògbufọ̀ ń túmọ̀ rẹ̀ fún wa.

Kóòtù kò díye lé Mùtíù. Adájọ́ sọ ọ́ pé òfin kò ní òṣùwọ̀n tí wọ́n fi ń wọn èèyàn. Wọn ò sì díye lé ẹkún wa. Lọ́yà wa fẹ́ máa sọ ti ìbànújẹ́ ìyá àti aya, adájọ́ ní kó rọra, pé òfin tí wọ́n gbà pe ẹjọ́ yìí kì í sanwó ọ̀fọ̀. Ohun tí wọ́n ń wá kò ju èyí lọ: kí ló ń tọwọ́ ọkùnrin yìí bọ́ sẹ́nu àwọn tó gbójú lé e, tó wá dáwọ́ dúró?

Màmá, ẹ rántí ọdún tí aládùúgbò oko wa dáná sungbó, tí iná náà jó igi irúgbá bàbá wa. Àwọn àgbà ò ní kó san owó igi ìdáná. Wọ́n bèèrè èso tí igi náà ń so lọ́dún. Wọ́n yọ ti ẹni tó ń gùn ún àti ti ẹni tó ń ṣà á nílẹ̀. Wọ́n wá wo ìdí igi náà bóyá ó ṣì lágbára, pé bí iná ò bá jó o, báwo ni yóò ṣe pẹ́ tó kó tó dáwọ́ èso dúró? Bàbá ní kí wọ́n kà á títí ayé. Wọ́n ní rárá, ìjì ìbá lè dá a, kòkòrò ìbá lè jẹ ẹ́, àti pé ẹni tó gba èso ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo ti jèrè lórí ẹni tó ń dúró dè é. Ohun tí adájọ́ ṣe náà nìyẹn. Kò sí awo níbẹ̀.

Ìdí igi ti Mùtíù ló ṣòro wò. Bíríkìlà ò ní ìwé owó oṣù. Ọ̀gá tó kọ́ ọ níṣẹ́ ló wá sọ ohun tí bíríkìlà ń gbà lóòjọ́ l'Ẹdẹ. Lọ́yà wọn ní ṣé ojoojúmọ́ lẹ ń ríṣẹ́? Ó ní rárá, òjò wà. Ọjọ́ Jímọ̀ ńkọ́? Ó ní ìdajì ọjọ́ ni. Bí símẹ́ńtì bá gbówó lórí tí àwọn onílé ò kọ́lé mọ́ ńkọ́? Ó ní àwọn á lọ roko l'Álájùẹ́. Lọ́yà yẹn mọ iṣẹ́ rẹ̀, mi ò ní purọ́ mọ́ ọn. Ó ń ha owó náà díẹ̀díẹ̀ títí ó fi dà bí ọṣẹ tí wọ́n ti fi fọ aṣọ ilé méjì. Adájọ́ gba díẹ̀ nínú ọ̀rọ̀ rẹ̀, ó kọ díẹ̀. Ó ní pé ẹnìkan kò níwèé kò sọ pé kò ṣiṣẹ́. Lẹ́yìn náà ló yọ ohun tí Mùtíù ń ná sórí ara rẹ̀: oúnjẹ, epo ọ̀kadà, owó ẹgbẹ́, títí kan obì tó ń jẹ. Ohun tó ṣẹ́kù ni ti ilé.

Ó wá yẹ ọjọ́ orí Mùtíù wò. Ó ní bíríkìlà kì í gbé búlọ́ọ̀kù títí dọjọ́ alẹ́, ẹ̀yìn á dá a dúró. Ó yẹ ọjọ́ orí àwọn ọmọ wò, láti mọ ìgbà tí oníkálukú á lè dá jẹun. Wọ́n ní kí Sìfáwù ka àwọn ọmọ rẹ̀ ní gbangba. Ẹ mọ̀ pé a kì í ka ọmọ fọ́lọ́mọ, ṣùgbọ́n wọ́n kà wọ́n, wọ́n sì kọ orúkọ wọn. Èmi ò ní kọ iye wọn síbí.

Lọ́yà wọn tún ní Sìfáwù ṣì kéré, ó sì dùn ún wò, pé kò ní pẹ́ tí yóò lọ́kọ, kí wọ́n dín tirẹ̀ kù. Ó bi í bóyá ìdílé wa máa ń ṣú opó. Sìfáwù ní òun ò mọ̀, kí wọ́n bi Ìyá. Ohun tí wọ́n kọ́kọ́ bi mí nìyẹn lọ́jọ́ tó kàn mí. Mo ní àbúrò kan ṣoṣo tí Mùtíù ní, obìnrin ni. Mo ní àbí lọ́yà ló fẹ́ ṣú opó náà ni? Kóòtù rẹ́rìn-ín. Adájọ́ kò rẹ́rìn-ín, ó ní kí n dáhùn ohun tí wọ́n bi mí. Mo ní mo ti dáhùn.

Ọkùnrin náà wá lọ síbi tó ń lọ. Ó bọ̀wọ̀ fún mi o, Màmá ló ń pè mí. Ó ní lójú àwọn àgbààgbà yìí, Màmá, ṣé ẹ sọ pé ẹ ti fi fún Ọlọ́run? Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó ní ṣé ẹ sọ pé ẹ ò ní bá ẹnikẹ́ni ṣẹjọ́? Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó ní ṣé wọ́n fipá mú yín sọ ọ́? Mo ní ta ló tó bẹ́ẹ̀? Ó ní lónìí ńkọ́, ṣé ẹ ṣì dúró lórí ọ̀rọ̀ yín? Mo wo Alhaji níbi tó jókòó sí. Mo ní mo dúró lórí ẹ̀. Lọ́yà tẹrí ba, ó ní òun ti parí. Mo rí Sìfáwù tó gbé iwájú orí lé ẹ̀yìn àga tó wà níwájú rẹ̀.

Mo ní èmi ò tíì parí o. Lọ́yà ní ó ti tó, Màmá. Mo ní ìwọ lo ránṣẹ́ pè mí, mi ò bẹ̀ ọ́ pé kó o pè mí. Adájọ́ ní kí n sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n kí n má pẹ́.

Mo ní Olúwa mi, ìbínú tó wà nínú mi, èmi ni mo ni ín. Èpè tó wà lẹ́nu mi, èmi ni mo ni ín. Mo ti kó o fún Ọlọ́run, mi ò ní gbà á padà. Oúnjẹ àwọn ọmọ ni kò sí lọ́wọ́ mi lọ́jọ́ náà. Bí ẹ bá wọlé mi, tí ẹ tọrọ adìẹ, tí mo ní ẹ máa mú un lọ, ṣé ẹ máa wá tú ewúrẹ́ aládùúgbò mi tó so mọ́ ẹ̀yìnkùlé? Tèmi nìkan ni mo fi fún Ọlọ́run. Ti àwọn ọmọ, ẹ lọ tọrọ rẹ̀ lọ́wọ́ àwọn ọmọ.

Ògbufọ̀ túmọ̀ rẹ̀ fún ìwé kóòtù. Gbogbo rẹ̀ di gbólóhùn bíńtín lẹ́nu rẹ̀. Mo ní kó tún un túmọ̀, ó ti fo ewúrẹ́. Adájọ́ ní kí n fọkàn balẹ̀, òun gbọ́ Yorùbá, òun ti gbọ́ ewúrẹ́.

Ó kan lọ́yà wa láti bi mí ní tirẹ̀. Sìfáwù ti sọ fún mi tẹ́lẹ̀ pé ìyá wà lára àwọn tí òfin ń sanwó fún bí ọmọ bá ń bọ́ ọ. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà ní kí ni Mùtíù ń fún yín lóṣooṣù, Màmá? Mo ní kò sí. Ó ní kò sí kẹ̀? Mo ní irú ló ń bọ́ mi. Ó ní ṣé kò ràn yín lọ́wọ́ rárá ni? Mo ní ó máa ń wá kí mi lọ́jọ́ Jímọ̀, á gbé àpò irúgbá wọlé fún mi, bí òrùlé bá ń jò, á gun òkè lọ dí i. Ojú rẹ̀ là. Ó ní èló la lè pe ìyẹn? Mo ní kó má ṣe díye lé e. Ó ní bí ò bá ní iye, kóòtù ò ní lè fún yín ní nǹkan kan. Mo ní ta ló tọrọ? Ó ní ó dáa, owó ìsìnkú ńkọ́, níbo ni wọ́n sin ín sí, kí ni wọ́n ná? Mo ní mi ò mọ̀ ọ́n. Ó ní ẹ ò mọ ibi tí wọ́n sin ọmọ yín sí? Adájọ́ ló gbà mí lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ní òkú ọ̀fọ̀ ni, lọ́yà, kó bi ẹlòmíràn. Ẹ̀yìn ìgbà yẹn ni ọ̀gá bíríkìlà sọ iye tí wọ́n fi ra aṣọ funfun àti ohun tí wọ́n fún agbẹ́lẹ̀, òun náà ni wọ́n kọ sílẹ̀.

Ọjọ́ ìdájọ́, òjò rọ̀ débi pé adájọ́ ní láti dúró kí páànù dákẹ́. Ó kọ́kọ́ dá awakọ̀ lẹ́bi. Ó ní ẹni tó ni típà náà ló gbé ọkọ̀ tí bíréèkì rẹ̀ ò dáa lé e lọ́wọ́, nítorí náà, òun ni yóò sanwó. Ó wá dé orí ọ̀rọ̀ mi. Ó ní ìdáríjì tí ọlọ́fọ̀ fẹnu sọ fún àwọn tó wá bẹ̀ ẹ́ kì í ṣe àdéhùn pé kò sí ẹjọ́ mọ́, àti pé ìyá kò lè fi ẹ̀tọ́ opó àti ọmọ òrukàn tọrẹ. Mo mi orí. Ó wá fi kún un pé bí ìyá ò bá tiẹ̀ ya ẹnu ní kóòtù rárá, bí òun ìbá ṣe dá a náà nìyẹn. Ìyẹn ò dùn mọ́ mi nínú. Mo ti ro ọ̀rọ̀ ewúrẹ́ yẹn fún ọjọ́ pípẹ́.

Ó pín in. Ó ní òun ò ní dín ti Sìfáwù kù nítorí ọkọ tí ẹnikẹ́ni ò tíì rí, òun kì í ṣe alárinà. Ti àwọn ọmọ ló pọ̀ jù, bí ọmọ bá ṣe kéré sí ni tirẹ̀ ṣe gùn sí. Kò sì sí ẹni tó lè fọwọ́ kàn án bó ṣe wù ú: báǹkì ni yóò wà, lábẹ́ ojú kóòtù, oúnjẹ àti owó ilé ìwé ni yóò máa tibẹ̀ jáde títí wọ́n á fi dàgbà. Ìgbà tó yá, ó dé orí ìyá olóògbé. Ó ní ìyá fúnra rẹ̀ ti búra pé òun ò gbójú lé ọmọ òun fún jíjẹ mímu, nítorí náà, kò sí ohun tó kàn án. Ògbufọ̀ rẹ ohùn sílẹ̀ túmọ̀ rẹ̀, bí ẹni tó ń túfọ̀. Mo ní kó gbé ohùn sókè, kí àwọn tó wà lẹ́yìn lè gbọ́.

Màmá, owó ẹ̀jẹ̀ tí Àṣàbí jẹ nìyẹn. Ó wà ní gbangba nínú ìwé ìdájọ́, ẹni tó bá mọ̀wé nínú ilé lè wá kà á.

Nígbà tí a jáde, Alhaji wá bá mi níbi tí mo ti ń dúró de kẹ̀kẹ́. Ó ní Ìyá, ẹ ṣeun. Mo ní kí ló ń dúpẹ́ sí, ṣebí wọ́n dá a lẹ́bi? Ó ní ẹ ò purọ́ mọ́ mi. Ó ní òun á ta ọkọ̀ kan, òun á sì san án. Mo ní Ọlọ́run á fi òmíràn rọ́pò. Àwọn tó wà níbẹ̀ wò mí bí ẹni tí orí ń dàrú. Kí ni kí n sọ fún un? Ọjọ́ tí mo ní mo fi fún Ọlọ́run, mi ò ní ó di ọjọ́ ìdájọ́ kí n tó gbà á padà.

Nínú ohun tí ẹ gbọ́, ẹ jẹ̀bi mi ní ọ̀nà kan, ẹ sì jàre ní ọ̀nà kan. Ẹ jàre pé a kì í ta èèyàn. Adájọ́ pàápàá kò rà á. Ẹ jẹ̀bi mi pé ẹ ò bi mí. Ẹ ní fóònù nínú ilé. Ẹni tí kì í ṣe ìyá mi rí àyè bi mí léèrè lẹ́yìn tí mo búra, ìyá tó bí mi sì gba ìròyìn gbọ́ lẹ́nu ará ọkọ̀. Mi ò kọ ọ́ láti bú yín. Mo kọ ọ́ nítorí pé bó ṣe rí nìyẹn.

Nígbà tí òjò bá dá, mo ń bọ̀ nílé, èmi àti Sìfáwù àtàwọn ọmọ. Kí baálé pe gbogbo àwọn tó sọ ọ́, kí wọ́n jókòó bí wọ́n ṣe jókòó lọ́jọ́ tí wọ́n sọ ọ́. Ohun tí wọ́n bá fẹ́ bi mí, kí wọ́n bi mí, a ò ní nílò ògbufọ̀. Ṣùgbọ́n kí wọ́n má bi àwọn ọmọ ní ohunkóhun. Wọn ò mọ̀ ju pé àwọn fẹ́ rí ìyá àgbà bàbá àwọn, èyí tí bàbá wọn máa ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ fún wọn.

Mo mọ̀ yín, ẹ ò ní lè sọ pé ẹ ṣì mí gbọ́. Ẹ̀yin náà mọ̀ mí, mi ò ní bẹ̀ yín. Kí ẹnì kankan nínú wa má dààmú ara rẹ̀. Ẹ kàn ní kí wọ́n gbé oúnjẹ wá, kí ẹ pè mí kí n wá jókòó tì yín, kí a jọ tọwọ́ bọ àwo kan. Bí ẹ bá ti gé òkèlè àkọ́kọ́, ẹjọ́ tèmi ti tán.

Ọlọ́run á jẹ́ kí n bá yín láyé. Kò ní jẹ́ kí ẹ tún gbọ́ irú ìròyìn yẹn mọ́ lórí ẹnikẹ́ni tó ti ara yín jáde. Á tu baálé lára, á bùkún ọwọ́ àwọn ìyàwó ilé, á mú ẹsẹ̀ àwọn ọmọ le lójú ọ̀nà. Ẹ bá mi kí tọmọdé tàgbà, títí kan àwọn tó sọ̀rọ̀ mi. Àti awakọ̀ náà.

Èmi ni, ọmọ yín tí ẹ bí tó lágídí bíi tiyín,

Àṣàbí, l'Ẹdẹ.